Mo Kẹ̀yìn sí Bọ́ọ̀lù

Ọ̀gá mi tẹ́ gbogbo fọ́tò tí mo yà sórí tábìlì, kò sì rẹ́rìn-ín sí ìkankan.

"Lásísì, bọ́ọ̀lù ni mo rán ọ lọ, àbí ìgbéyàwó?"

Mísítà Kọ́lítà nìyẹn, àgbà ayafọ́tò, aláwọ̀ dúdú ará àdúgbò South Shore, tó ń dán mi wò níléeṣẹ́ ìwé ìròyìn kékeré kan ní Ṣikágò, lẹ́yìn ọdún 1980 díẹ̀. Iṣẹ́ mi kì í ṣe àwọn tó ń gbá bọ́ọ̀lù. Èrò ìwòran ni: bí wọ́n ṣe ń kun ojú, bí wọ́n ṣe ń bú rẹfirí. Ṣùgbọ́n sítúdíò ni mo ti kọ́ṣẹ́ n'Ìbàdàn, níbi tí oníbàárà ti ń gbé àgbọ̀n sókè, tí kò gbọdọ̀ ṣẹ́jú. Mo kí àwọn èrò ìwòran wọ̀nyí, mo bẹ̀ wọ́n, mo tò wọ́n. Ọkùnrin kan tó kun ojú bí ẹkùn jókòó jẹ́ẹ́ bí àlejò nílé àna.

"Ó ku Sọ́ńdè kan," ni ọ̀gá wí. "Tí o kò bá mú fọ́tò tó ń mí wá, padà sídìí iṣẹ́ nulẹ̀nulẹ̀ tí ò ń ṣe ní ọsibítù. Má kí ẹnikẹ́ni. Dúró létí ilà funfun, kẹ̀yìn sí pápá, kí o máa ṣọ́ ojú wọn."

Kẹ̀yìn kẹ̀! Bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà kì í ṣe tiwa. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń gbé e sá, àwọn géńdé tó dé akoto a sì ya lé ẹni tó gbé e bí ògiri tó wó. Nígbà mìíràn, wọn a ré kọjá ilà.

Mo sọ fún ìyàwó mi nílé, ó rẹ́rìn-ín títí. "Bàbá Múfú, ẹ̀yin tí ẹ ń sá fún ológbò lándíléèdì?"

Sọ́ńdè dé. Atẹ́gùn orí adágún ńlá ẹ̀bá ìlú ń gé etí bí abẹ. Mo fi kámẹ́rà sábẹ́ kóòtù, torí fíìmù tó bá gan nínú òtútù, bí èèyàn bá yí i kíákíá, jíjá ló máa já. Mo kẹ̀yìn. Ó tó wákàtí kan, mi ò rí nǹkan gidi.

Lójijì, àwọn òǹwòran ìlà iwájú dìde lẹ́ẹ̀kan náà. Wọn ò wo pápá mọ́. Èmi ni wọ́n ń wò. Ìyá arúgbó kan ju ọwọ́ sókè, kọfí rẹ̀ fò.

"Sá, mísítà! Sá kúrò ńbẹ̀!"

Mo gbọ́ ẹsẹ̀ lẹ́yìn mi, gìrìgìrì. Ẹsẹ̀ tèmi náà ti gbà láti sá, ṣùgbọ́n fọ́tò tí mo ń wá rèé. Bí mo bá ṣípò, ó lọ nìyẹn. Mo ní, "Lásísì, kú síbẹ̀." Mo yọ kámẹ́rà, mo gbé e sójú, mo tẹ̀ ẹ́. Lẹ́yìn náà, sánmà nìkan ni mo rí.

Géńdé tó wó lù mí ló gbé mi dìde. "Ṣé o wà láàyè?"

"Kámẹ́rà mi ńkọ́?"

Nígbà tí a fọ fíìmù tán, Mísítà Kọ́lítà wo fọ́tò náà pẹ́. Gbogbo ẹnu là sílẹ̀, kọfí dúró lófuurufú.

"O ò tiẹ̀ wẹ̀yìn?"

"Ẹ̀rù ló bà mí láti wẹ̀yìn, sà."

Ó fi í kọ́ kó gbẹ. "Sọ́ńdè, aago mẹ́sàn-án. Má pẹ́ o."

Mo tiro lọ ní Sọ́ńdè náà. Ọdún mọ́kànlá ni mo fi ṣe iṣẹ́ yẹn, ṣùgbọ́n títí di òní, mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń jẹ góòlù nínú eré ọ̀hún.