Ẹyin Ìkórè Nínú Búrẹ́dì Bíṣọ́ọ̀bù

Òórùn ilé ìdáná tó wà lẹ́yìn ilé àlùfáà ní Ìlọ́fà kò tíì kúrò ní imú mi títí di òní. Èéfín igi ni, kẹrosíìnì, ìgbẹ́ adìẹ, àti aṣọ ìnuwọ́ kan tí wọn kì í fọ̀, tí wọ́n fi ń nu àwo, tí wọ́n tún fi ń sọ ìkòkò gbígbóná kalẹ̀. Bí o bá ti jókòó nínú pálọ̀ wọn rí, wàá ní irọ́ ni mò ń pa, nítorí pálọ̀ náà mọ́ tónítóní: àga onítìmùtìmù, aṣọ tábìlì funfun tí wọ́n ṣe ọnà òdòdó sí létí, àwòrán Olúwa lára ògiri. Ṣùgbọ́n èmi ti rí ẹ̀yìn ilé náà. Ohun tí mo rí níbẹ̀ ni mo fẹ́ sọ fún ọ. Àwọn tó yẹ kí ojú tì ti kú, wọ́n sì ti fi orin tó dára ju ìwà wọn lọ sin wọ́n.

Ní àwọn ọdún tí owó epo ń wọ ìlú ni, tí ṣúgà àti búrẹ́dì kì í wọ́n wa mọ́. Mò ń kọ́ àwọn ọmọbìnrin ní ẹ̀kọ́ ìdáná ní ilé ẹ̀kọ́ girama kan nítòsí, ọkọ mi sì ni olórí akọrin nínú ìjọ wa. Ìjọ fẹ́ dá ilé kan sílẹ̀ tí àwọn obìnrin yóò ti máa kọ́ ìdáná, ìránṣọ àti ìtọ́jú ọmọ, wọ́n sì ń wá obìnrin tí yóò ṣe olórí rẹ̀. Kò sẹ́ni tí kò mọ̀ pé èmi ni mo kàwé fún un. Mo fẹ́ iṣẹ́ náà. N kò ní ṣe ojú ayé fún ọ, mo fẹ́ ẹ débi pé mo ti ń rò ó nínú ọkàn mi ibi tí mo máa gbé ààrò sí, àti fèrèsé tí mo máa ní kí wọ́n là kí èéfín lè jáde. Ṣùgbọ́n ìyàwó àlùfáà wa ní àbúrò obìnrin kan, ẹni tí kò mọ̀ ju ọbẹ̀ ata lọ, òun ló sì fẹ́ fi síbẹ̀. Bíṣọ́ọ̀bù ń bọ̀ wá gbé ọwọ́ lé àwọn ọmọ lórí, ìyàwó rẹ̀ ń bá a bọ̀, ọwọ́ ìyàwó Bíṣọ́ọ̀bù yìí sì ni ọ̀rọ̀ ilé ẹ̀kọ́ náà wà. Wọ́n ní kí n wá ṣe oúnjẹ àárọ̀ wọn. Kò sẹ́ni tó sọ ọ́ jáde, ṣùgbọ́n gbogbo wa mọ̀ pé ìdánwò ni.

Búrẹ́dì ẹlẹ́yin ni mo yàn. Bóyá ìwọ náà ti jẹ ẹ́ rí. Búrẹ́dì tó ti sùn mọ́jú la fi ń ṣe é, torí pé tuntun a máa fọ́. A ó gé e nípọn, a ó rì í sínú ẹyin tí a pò mọ́ mílíìkì, a ó wá dín in nínú bọ́tà títí ara rẹ̀ yóò fi pọ́n bíi ti àkàrà. Ṣùgbọ́n omi ṣúgà tí a ń dà lé e lórí ni ẹwà rẹ̀. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú, mo sè é nínú ilé ara mi: ṣúgà àti omi lórí iná jẹ́jẹ́, èèpo ọsàn tí mo ti fi ọ̀bẹ ha funfun inú rẹ̀ kúrò nítorí ìkorò, oyin díẹ̀ láti inú igbó Ìdòfin, àti omi ọsàn wẹ́wẹ́ ní ìkẹyìn, èyí tí kì í jẹ́ kí ṣúgà tún dì padà. N kò kúrò nídìí rẹ̀ títí ó fi ń fà láti ẹnu síbí bí òwú. Ọkọ mi wọlé, ó gba síbí lọ́wọ́ mi, ó lá a. "Ìyá ilé, iṣẹ́ ti bọ́ sí ọ lọ́wọ́," ló wí. Jọ̀wọ́, má gbàgbé síbí yẹn.

Mo fẹ́ ra ẹyin, ṣùgbọ́n ìyàwó àlùfáà ti ránṣẹ́ pé ẹyin wà nílé òun. Nígbà tí mo dé ibẹ̀ láàárọ̀, tí mo rí igbá tí wọ́n kó wọn sí nítòsí ààrò, mo mọ àwọn ẹyin náà. Ní ọjọ́ ìkórè, ìyá àgbẹ̀ kan láti Ìdòfin gbé adìẹ tó ń sàba wá sí ṣọ́ọ̀ṣì, tòun ti apẹ̀rẹ̀ àti ẹyin tó wà lábẹ́ rẹ̀. Ẹ̀jẹ́ ló wá san lórí ọmọ rẹ̀ tó ti ṣàìsàn. Bí àwọn ará wa ṣe ń ṣe é nìyẹn. Ẹni tó bá fẹ́ fi ohun ẹlẹ́mìí dúpẹ́ kì í mú ìyá wá kó fi ọmọ sílé. "Ulé Olúwa ni kó ti pamọ rẹ̀," ni ìyá náà wí, gbogbo ìjọ sì ṣe Àmín. Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí, ìyàwó àlùfáà ti fi adìẹ yẹn se ọbẹ̀. Ó kó ẹyin rẹ̀ sínú igbá, ó gbé e sí ẹ̀gbẹ́ iná, nínú ooru ẹ̀ẹ̀rùn, ó sì gbàgbé rẹ̀ síbẹ̀ títí Bíṣọ́ọ̀bù fi ń bọ̀.

Mo ní kí wọ́n bá mi bu omi sínú abọ́ kan.

"Kí lo fẹ́ fi omi ṣe?" ìyàwó àlùfáà bi mí.

"Mo fẹ́ kó wọn sínú rẹ̀ ni, Màmá. Èyí tó bá léfòó nínú wọn ti bu."

"Ẹyin ìkórè mà ni, Tíṣà. Bàbá ti gbàdúrà sí i níwájú pẹpẹ. Ṣé Ọlọ́run lo fẹ́ dán wò nínú omi ni?"

Mo ní kí n sáré lọ ra tuntun. Ó ní ṣé kí Bíṣọ́ọ̀bù wá gbọ́ pé ẹyin Ọlọ́run wà nílé, àwọn tún ń ra ti ọjà ni. Àbúrò rẹ̀ rẹ́rìn-ín láti ibi tó jókòó sí. "Ẹ má dá wọn lóhùn jàre, àǹtí mi. Bí àwọn tó kàwé yìí bá dé ọ̀run, wọ́n á ní kí wọ́n kọ́kọ́ ṣan mánà kí àwọn tó jẹ ẹ́."

Mo fẹ́ kó yé ọ pé kì í ṣe ahun nìkan ló ń dà á láàmú. Ó gbà á gbọ́. Gbogbo wọn ló gbà á gbọ́ pé ohun tí a bá ti yà sọ́tọ̀ lọ́jọ́ ìkórè kò lè bàjẹ́ mọ́. Bí iṣu ìkórè bá rà, wọ́n á ní ọkàn ẹni tó mú un wá ni kò mọ́. Mo ti rí opó tí ojú tì nítorí iṣu méjì.

Àbúrò náà fa igbá sọ́dọ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fọ́ ẹyin. Ẹni tó bá kọ́ ìdáná mọ̀ pé inú ife kékeré là ń kọ́kọ́ fọ́ ẹyin sí, lọ́kọ̀ọ̀kan, kí ẹyọ kan má baà ba ìyókù jẹ́. Inú abọ́ kan náà ni òun ń fọ́ gbogbo wọn sí. Ọ̀kan jáde bí omi èérí. Èyí tó tẹ̀ lé e ní iṣan ẹ̀jẹ̀ tó ta bíi gbòǹgbò koríko. Lẹ́yìn náà ni òmíràn jáde tó ti ní orí, tó ní ojú dúdú kan ṣoṣo tó ràn mọ́ ẹ̀gbẹ́ orí náà, ìyẹ́ tútù sì lẹ̀ mọ́ ọn lẹ́yìn. Òórùn rẹ̀ bo èéfín mọ́lẹ̀. Obìnrin yìí fi síbí gbé e, ó sọ ọ́ síta láti ẹnu ọ̀nà. Ajá wọn dìde, ó gbóòórùn rẹ̀, ó padà lọ dùbúlẹ̀. Obìnrin náà wá fi síbí kan náà po èyí tó kù nínú abọ́, ó wọ́n nọ́tímẹ́gì lé e lórí láti bo òórùn rẹ̀.

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dà á nù," mo wí.

"Iná á pa á."

"N kò ní fọwọ́ mi kàn án."

"Kò burú. Gbé ìgò omi ṣúgà rẹ, kí o lọ dúró ní pálọ̀, kí o máa bù ú fún wọn."

Ìdí igi ìbẹ́pẹ ni mo kọ́kọ́ lọ, mo sì bì níbẹ̀ títí kò fi sí nǹkan kan nínú mi mọ́.

Wọ́n ti jókòó nígbà tí mo wọlé, Bíṣọ́ọ̀bù àti ìyàwó rẹ̀, àlùfáà wa, àti ọkọ mi ní ìparí tábìlì. Ìyàwó àlùfáà àti àbúrò rẹ̀ gbé búrẹ́dì náà kalẹ̀, ó pọ́n, ó dára lójú. Mo da omi ṣúgà lé e. Ìyàwó Bíṣọ́ọ̀bù fi orí síbí tọ́ omi ṣúgà náà wò, ó tún tọ́ ọ wò.

"Ta ló sè èyí?"

"Èmi ni, Màmá," ìyàwó àlùfáà dáhùn kí n tó la ẹnu. "Èmi àti àbúrò mi yìí."

Ìyàwó Bíṣọ́ọ̀bù rẹ́rìn-ín sí àbúrò náà. Ó wá gé búrẹ́dì, ó fi sẹ́nu, mo sì rí i tí ẹnu rẹ̀ dúró. Ó fa áńkáṣíìfù yọ, ó tu ú sínú rẹ̀ bí ẹni tó mọ̀wà hù, ó ká a pọ̀. Bíṣọ́ọ̀bù rọra gbé fọ́ọ̀kì rẹ̀ sílẹ̀.

"Búrẹ́dì yìí ńkọ́?" ìyàwó rẹ̀ bi wọ́n.

"Tíṣà wa ni, Màmá," ìyàwó àlùfáà wí. "A ní kó wá ràn wá lọ́wọ́ ni."

Inú àwo kan náà ni o. Ó pín in sí méjì lójú mi: adùn tí mo sè di tirẹ̀, òórùn tí wọ́n dín di tèmi.

Mo sọ̀rọ̀. N kò dákẹ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ kiri lẹ́yìn náà pé mo dákẹ́ torí pé mo jẹ̀bi. Mo ní, "Màmá, n kò fọwọ́ kan ẹyin yẹn. Omi ṣúgà ni mo sè. Ẹ bi ọkọ mi tó jókòó yìí, ojú rẹ̀ ni mo ṣe sè é lánàá." Gbogbo wọn wo ọkọ mi. Ó wo àlùfáà, ó wo àwo tó wà níwájú rẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí i," ló wí. "Ó ń gbìyànjú ni." Ó wá mú ọ̀bẹ, ó gé búrẹ́dì náà, ó sì jẹ ẹ́. Ó jẹ ẹ́ tán. Mo dúró síbẹ̀ pẹ̀lú ìgò lọ́wọ́, mò ń wo ọ̀fun rẹ̀ bó ṣe ń lọ sókè sódò.

Nígbà tí a délé, ó ní, "Kí lo fẹ́ kí n sọ níwájú Bíṣọ́ọ̀bù? Oúnjẹ lásán ni." Mo bímọ fún un lẹ́yìn ìyẹn, mo sì gbọ́únjẹ fún un títí ó fi kú, ṣùgbọ́n n kò tún lè wo ẹnu rẹ̀ bó bá ń jẹun. Òbu kì í fi ara pamọ́, òórùn rẹ̀ ló ń ṣáájú rẹ̀ wọlé. Ẹni tó gbóòórùn rẹ̀ tó sì gbé e mì kí ọ̀gá rẹ̀ má baà bínú, òun ni ara mi kọ̀.

Àbúrò náà di olórí ilé ẹ̀kọ́. Ọ̀pọ̀ obìnrin ló gbé ìgò omi ṣúgà tó ti dì bí iyọ̀ wá sí ẹnu ọ̀nà mi, tí wọ́n ń bi mí ohun tó fà á. Mo ní kí wọ́n lọ bi olórí wọn.

Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún ni ìyàwó àlùfáà kú, àwọn ọmọ rẹ̀ sì ti Èkó àti Ìlọrin wálé wá sin ín. Láàárọ̀ ọjọ́ ìsìnkú, ọmọbìnrin rẹ̀ àgbà gbé àwo kan wá bá mi lábẹ́ àtíbàbà. Búrẹ́dì ẹlẹ́yin ni. "Màmá Tíṣà, ẹ tọ́ ọ wò, ẹ ẹ̀ rí i? Omi ṣúgà Màmá wa nìyí, àwa ọmọ ló ń sè é báyìí." Mo wo ìsàlẹ̀ ife tí omi ṣúgà náà wà nínú rẹ̀. Ṣúgà ti sùn síbẹ̀ bí iyanrìn.

"Ó ti dì," mo wí.

"Bẹ́ẹ̀ náà ló máa ń ṣe, Ma."

"Tèmi kì í dì."

Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, irú ẹ̀rín tí wọ́n ń rín sí arúgbó tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò yé wọn, ó sì bá ti àlejò mìíràn lọ. Mo gbé àwo náà sábẹ́ àga. N kò mọ̀ bóyá ajá jẹ ẹ́.

Àwọn ọmọ mi ní mo le jù. Bóyá. Mo ṣì ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì ń mú ohun ìkórè lọ lọ́dọọdún, ohun tó dára ni mo sì ń mú lọ. Ṣùgbọ́n kò sí ẹyin tó wọ ilé mi tí n kì í kọ́kọ́ kó sínú omi, ìbáà ṣe ẹyin adìẹ òyìnbó, ìbáà ṣe èyí tí bíṣọ́ọ̀bù fọwọ́ ara rẹ̀ fún mi. Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún mi pé a ti gbàdúrà sí nǹkan, mo máa ń ṣe Àmín, mo sì máa ń wá omi.