Orúkọ Òyìnbó Tí Bàbá Mi Wá Fún Àbúrò Mi

Nígbà tí mo ṣì kéré ní Houston, Sámúẹ́lì méje ló wà ní ṣọ́ọ̀ṣì Aládùúrà wa. Bí ìyá kan bá pariwo pé, "Sámúẹ́lì, gbé e sílẹ̀!", ọmọ mẹ́fà ni yóò gbé ohun ọwọ́ wọn sílẹ̀, ẹni tí wọ́n ń bá wí gan-an yóò sì ti sá lọ. Ohun tó kó bàbá mi láyà sókè nìyẹn nígbà tí ìyá mi lóyún àbúrò mi. Wọ́n ní ọmọ tàwọn kò ní jẹ́ orúkọ ọ̀pọ̀ èrò.

Ẹ jẹ́ kí n sọ irú ẹni tí bàbá mi jẹ́ fún yín, ẹ̀yin ọmọ mi. Ilé iṣẹ́ kẹ́míkà ní Deer Park ni wọ́n ti ń ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá fẹ́ lọ fọ aṣọ ní yàrá ìfọṣọ apátímẹ́ǹtì wa ní Greenspoint, kóòtù ni wọ́n ń wọ̀, pẹ̀lú táì, nínú ooru tó lè se ẹyin jinná. Wọ́n gbà pé bí èèyàn bá wọ táì, ẹ̀rọ ìfọṣọ pàápàá á bọ̀wọ̀ fún un. Àwọn náà ni wọ́n gé Ṣàngó kúrò níwájú orúkọ ìdílé wa kí wọ́n tó wọ ọkọ̀ òfuurufú, tí wọ́n fi Olú rọ́pò rẹ̀. Wọ́n ní Amẹ́ríkà kò gbọdọ̀ rí i. Àfi bí ẹni pé Amẹ́ríkà mọ ìyàtọ̀ wọn!

Ilé ìkàwé ni wọ́n ti rí orúkọ tó wù wọ́n, nínú ìwé àtijọ́ kan: Thurstan. Wọ́n fi odindi ọ̀sẹ̀ kan tú ìwé tẹlifóònù Houston wò, wọn kò sì rí ẹyọ ẹnì kan tó ń jẹ́ ẹ. "Orúkọ gidi nìyí," wọ́n ní, "orúkọ Gẹ̀ẹ́sì tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì pàápàá ò tó ó jẹ́."

Ìyá bàbá mi, tí wọ́n wá láti ilé láti wá wẹ ọmọ, kò rẹ́rìn-ín. "Tọ́sítánì," ni wọ́n pè é. "Ó dà bí orúkọ oògùn ikọ́." Màmá kì í ṣe abọ̀rìṣà o, sùtánà wọn funfun ju ti wòlíì lọ. Ṣùgbọ́n wọ́n ti ṣèlérí fún ọkọ wọn kó tó kú pé ọmọkùnrin àkọ́kọ́ tí ọmọ àwọn bá bí yóò gbé orúkọ Ṣàngó ilé wọn, kí orúkọ náà má baà parun. Obìnrin ni èmi tí wọ́n kọ́kọ́ bí, ọmọkùnrin ọ̀hún ló dé yìí. Ọjọ́ kẹjọ ni ìsọmọlórúkọ, bàbá mi sì ti bẹ̀bẹ̀ tán: "Màmá, bí wọ́n bá pè yín síwájú, ẹ má dárúkọ Ṣàngó níwájú wòlíì, ẹ jọ̀ọ́. Ẹ má dójú tì mí."

Màmá kọjú sí ògiri, mo sì rí èjìká wọn tó ń gbọ̀n. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí nígbà náà. Mi ò tíì rí àgbàlagbà tó ń sunkún láìjẹ́ pé ẹnì kan kú.

Ní ọjọ́ karùn-ún, bàbá mi rán mi sí ìyá àgbà òyìnbó tó ń gbé nísàlẹ̀ wa, tí wọ́n ti fi ogójì ọdún kọ́ ọmọ ilé ìwé ní ìtàn kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì. Kì í ṣe pé kí n lọ kí wọn o. Kí n lọ fi orúkọ náà yangàn ni. Mo kan ilẹ̀kùn, mo sọ ọ́. Ìyá àgbà náà bọ́ gíláàsì ojú wọn.

"Thurstan! Ta ló fi èyí han bàbá rẹ? Àwọn bíṣọ́ọ̀bù ló ń jẹ́ ẹ láyé àtijọ́. Ó ti lé ní ogún ọdún tí mo gbọ́ ọ gbẹ̀yìn."

Wọ́n fi mí jókòó, wọ́n là á yé mi. Wọ́n ní orúkọ náà dàgbà ju bíṣọ́ọ̀bù lọ. Àwọn ará ilẹ̀ òtútù kan tó ń wa ọkọ̀ ojú omi ló gbé e wọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Òrìṣà wọn kan wà, Thor, tó ni àrá. Òkúta Thor ni ìtumọ̀ Thurstan. Wọ́n ní bí àgbẹ̀ ilẹ̀ náà bá hú àáké olókùúta jáde nínú oko, á ní àrá ló jù ú sílẹ̀ láti ọ̀run, á gbé e pamọ́ sílé kí àrá má baà sán pa wọ́n. Nígbà tí wọ́n di onígbàgbọ́, wọ́n ju òrìṣà nù, wọn kò ju orúkọ nù. Ó kàn wọ aṣọ àlùfáà, ó dákẹ́. "Kì í ṣe orúkọ tó ń pariwo," ìyá àgbà náà ní, "ṣùgbọ́n ó wúwo."

Mo sáré gun àtẹ̀gùn lọ bá Màmá. Wàhálà ibẹ̀ ni pé Yorùbá mi nígbà náà kò ju ti oúnjẹ àti ìkíni lọ. Mi ò mọ ohun tí à ń pe ohun tó ń sán lójú ọ̀run. Mo na ọwọ́ sókè, mo ṣe gbìràmù-gbìràmù lẹ́nu, mo sì ṣubú lulẹ̀ gbì sórí kápẹ́ẹ̀tì.

"Àrá?" Màmá ní. "Kí ló ṣe àrá?"

"Òkúta, Màmá. Òrìṣà wọn tó ni àrá. Òkúta ẹ̀ ni orúkọ bébì."

Wọ́n ní kí n tún un sọ. Mo tún un sọ. Wọ́n ní kí n búra pé òyìnbó ló sọ ọ́, pé èmi kọ́ ni mo rò ó. Lẹ́yìn náà ni wọ́n rọra jókòó sétí ibùsùn.

"Ẹdùn àrá," wọ́n ní. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo máa gbọ́ ọ nìyẹn. Wọ́n ní irú òkúta bẹ́ẹ̀ wà lórí odó nílé bàbá ọkọ wọn, ìdí rẹ̀ ni orúkọ ìdílé wa ti wá. "Òun kan náà ni òyìnbó rí. Òun kan náà! Ọkọ mi ò sùn."

Gbogbo irun ara mi dìde. Mo ti ka ìwé dé yunifásítì láti ìgbà náà, mo sì ti fi ọ̀pọ̀ ohun tó yẹ kí n bọ̀wọ̀ fún ṣe yẹ̀yẹ́. Mi ò tíì rí bí mo ṣe lè fi èyí ṣe yẹ̀yẹ́.

"Má sọ fún bàbá rẹ," Màmá ní. "Jẹ́ kí omi kọ́kọ́ kan ọmọ náà lórí."

Bàbá mi ti ibi iṣẹ́ dé, wọ́n bi mí pé, "Kí ni ìyá yẹn sọ?" Bí mo bá sọ gbogbo rẹ̀, orúkọ náà kú nìyẹn, ìlérí Màmá sì kú tẹ̀ lé e. "Wọ́n ní àwọn bíṣọ́ọ̀bù ló ń jẹ́ ẹ," mo dáhùn. Irọ́ kọ́ o! Bàbá mi wú bí ìyẹ̀fun tí wọ́n fi yíìsì sí.

Lọ́jọ́ kẹjọ, wòlíì fi omi kan ọmọ lórí, wọ́n sì pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀mẹta. Nígbà tó kan Màmá, bàbá mi di ojú. Màmá ní, "Tọ́sítánì náà ni tèmi. Mi ò ní òmíràn." Ìyàlẹ́nu dùn mọ́ bàbá mi débi pé àwọn fúnra wọn ni wọ́n pe ìyá àgbà òyìnbó, tí wọ́n ti pè wá síbi ìsọmọlórúkọ náà, síwájú kí wọ́n wá sọ iyì orúkọ náà fún ìjọ. Ìyá àgbà náà sì sọ ọ́: àrá, òkúta, òrìṣà, gbogbo rẹ̀ pátá.

Alàgbà kan lẹ́yìn bú sẹ́rìn-ín: "Ṣàngó òyìnbó!" Ìyàwó rẹ̀ fi ìgbọ̀nwọ́ gún un lẹ́gbẹ̀ẹ́. Wòlíì wo abọ́ omi, wọ́n wo ọmọ. "Orúkọ tí mo ti pè níwájú Olúwa," wọ́n ní, "mi ò lè pè é padà."

"Màmá, ṣé ẹ mọ̀ ni?" bàbá mi béèrè.

"Mo mọ̀. Ṣùgbọ́n ìwọ lo lọ wá a jáde nínú ìwé. Èmi kọ́ ni mo rán ọ."

Bàbá mi wo ọmọ náà títí. Wọn kò bínú. Ojú ẹni tó sá jìnnà kọjá òkun, tó wá bá bàbá rẹ̀ tó ti kú lẹ́nu ọ̀nà ibi tó sá dé, ni mo rí lójú wọn. Wọ́n gbé ọmọ fún mi, wọ́n sì dọ̀bálẹ̀ gbọọrọ fún Màmá.

Ayé ti yí padà. Lónìí ní Houston, ọmọ ọmọ àwọn tó gé Ṣàngó kúrò ló tún ń wá a kiri, tí wọ́n ń tẹ̀ ẹ́ sára aṣọ. Ohun ìtìjú ti di ohun oge. Bí aboyún bá sì ronú kan orúkọ, fóònù á ti sọ ìtumọ̀ rẹ̀, ibi tó ti wá àti ẹni tó jẹ́ ẹ rí, kó tó pa ẹnu dé. Mi ò ní kí wọ́n má mọ̀. Àmọ́ bàbá mi kò mọ̀, àìmọ̀ wọn yẹn sì ni ọ̀nà kan ṣoṣo tí bàbá wọn rí gbà wọlé. Ẹ̀yin tí ẹ wá mọ ohun gbogbo yìí, ibo lẹ ṣí sílẹ̀ fún òkú tiyín?