Ohùn Òkè Kan Ṣoṣo

Òórùn aró gbígbóná a máa wọ ara aṣọ débi pé kò sí ọṣẹ tó lè yọ ọ́. Èmi ṣì ń gbọ́ òórùn náà bí òjò bá kọ́kọ́ kan ọ̀dà títì níwájú ilé mi ní Ìfàkò. Á sì gbé mi padà sí Ìlúpéjú, sí ilé iṣẹ́ aṣọ tí mo ti ṣiṣẹ́ nígbà tí irùngbọ̀n mi ṣẹ̀ṣẹ̀ ń hù, láàárín àwọn tí à ń pè ní Agbómigbélẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ kò bá wọn gbé rí lè máa rò pé iwin ni wọ́n. Wọn kì í ṣe iwin o. Ènìyàn ni wọ́n, àfi pé awọ so ìka wọn pọ̀ bíi ti ẹsẹ̀ pẹ́pẹ́yẹ, wọ́n sì ní ìlà lábẹ́ etí tí wọ́n fi ń mí bí wọ́n bá wà nísàlẹ̀ omi. Lórí ilẹ̀, imú ni wọ́n fi ń mí bíi tèmi tìrẹ. Ìlú wọn wà lábẹ́ Odò Ògùn, pẹ̀lú ilé amọ̀, ọjà àti ààfin. Ojú omi, níbi tí omi ti pàdé afẹ́fẹ́, ni wọ́n ti ń dá ẹjọ́: ẹni tó pe ẹjọ́, ẹni tí wọ́n pè lẹ́jọ́ àti ọba fúnra rẹ̀, omi á mu gbogbo wọn dé ọrùn. Kò sí àga, kò sí ìjókòó, nítorí náà ẹjọ́ wọn kì í pẹ́. Ó ti wù mí láìmọye ìgbà kí àwọn onílé àti ayálégbé àdúgbò wa máa gbé ẹjọ́ tiwọn lọ síbẹ̀.

Láràárọ̀ ni wọ́n máa ń gòkè odò wá, aṣọ tútù ní ọrùn, bọ́ọ̀sì òṣìṣẹ́ á sì kó wọn wá sọ́dọ̀ wa. Ẹ̀ka tí a ti ń fọ aṣọ tí a rẹ láró ni wọ́n wà, àbí ta ló tún mọ omi jù wọ́n lọ? Ìyá àgbàlagbà kan ni olórí wọn, Ìyá Olódò ni gbogbo wa ń pè é. Abẹ́ ìyá yìí ni wọ́n fi èmi ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ sí, èmi tí mo ń bẹ̀rù omi tó bá ti ju orúnkún lọ.

Yorùbá ni wọ́n ń sọ, ṣùgbọ́n ẹni tó bá la ẹnu nísàlẹ̀ odò, omi ni yóò mu. Nítorí náà, ohùn ọ̀rọ̀ nìkan ni wọ́n ń kùn láti inú ọ̀fun: ohùn òkè, ohùn àárín, ohùn ìsàlẹ̀. Nínú ariwo ẹ̀rọ wa, kò sí bí o ṣe lè kígbe tó tí ẹni ẹ̀gbẹ́ rẹ á gbọ́, ṣùgbọ́n kíkùn tiwọn a máa la ariwo náà kọjá bí abẹ́rẹ́ ṣe ń la aṣọ. Kò pẹ́ tí gbogbo wa fi kọ́ ọ. Èmi tilẹ̀ gbà pé mo ti gbọ́ èdè náà tán. Àlejò lójú, kò fi ríran.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Ìyá Olódò kọjú sí mi, ó kun ohùn òkè kan ṣoṣo. Mo ní háà, "Sá!" ni ìyá yìí wí. Mo ju aṣọ ọwọ́ mi sílẹ̀, mo ki eré mọ́lẹ̀, ó di ẹnu géètì. Nígbà tí mo fi máa padà, gbogbo wọn ti ń fọwọ́ di ikùn mú.

"Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, kí ló lé ẹ?" Ìyá Olódò ló bi mí bẹ́ẹ̀.

"Ìyá, ṣebí ẹ̀yin lẹ ní kí n sá."

"Mo ní kó o wá jẹun! Ẹja yíyan lo sá fún yẹn!"

Bàbá tó ń ṣọ́ géètì, tó tẹ̀lé mi wọlé, mirí. "Àwọn àgbà ní a kì í sáré nínú ẹ̀gún lásán; béèyàn ò bá lé ejò, ejò ló ń lé e. Ti èyí yàtọ̀, ẹja ló lé e lọ." Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ń pè mí ní Ẹjaléelọ.

Ó dùn mí díẹ̀. Mo bi ìyá náà bí wọ́n ṣe ń mọ "wá" yàtọ̀ sí "sá," nígbà tó jẹ́ pé ohùn kan náà ni méjèèjì.

"A kì í yà wọ́n," ni ó wí. "Ẹni tó ń sá, ṣé kì í ṣe ọ̀dọ̀ ẹnì kan ló yẹ kó máa sá lọ ni? Tí nǹkan bá lé ọ nínú omi dúdú, má wò ó. Ibi tí ohùn ti ń dún ni kó o kọjú sí." Mo rẹ́rìn-ín sínú pé èdè tálákà nìyí, tó ń fi ọ̀rọ̀ kan ṣe iṣẹ́ méjì.

Àfi ìgbà tí páìpù ooru bẹ́. Gbogbo ilé funfun báláú, n kò rí ọwọ́ ara mi. Ẹ̀yìn mi ni ilẹ̀kùn wà, gbogbo ara mi sì ń fà síbẹ̀. Ìgbà náà ni mo gbọ́ ohùn òkè náà níwájú, láti inú ooru gan-an. Ẹsẹ̀ mi gbọ́ "sá," ó fẹ́ yí padà. Ni ọ̀rọ̀ ìyá náà bá sọ sí mi lọ́kàn. Mo kọjú sí ohùn náà, mo sáré. Ọwọ́ aláwọ kan gbá mi lẹ́wù mú, ó sọ mí sínú táńkì omi tútù, omi mu mí dé ọrùn.

"Rọra mí, Ẹjaléelọ. Omi ò ní jẹ ẹ́. Èmi ni mo dì ẹ́ mú." Ohùn Ìyá Olódò nìyẹn.

Nígbà tí ooru náà lọ, a rí i pé aró tó ń hó ti kún gbogbo ọ̀nà ilẹ̀kùn. Bàtà tí mo bọ́ síbẹ̀ ti ká kò bí ewé gbígbẹ. Ìyá náà sì ti fi ìlà abẹ́ etí rẹ̀ gba ooru nítorí mi. Títí ọgbẹ́ náà fi jinná, kò lè mí nísàlẹ̀ omi, kò sì lè délé. Ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n ìyá mi ní Agége ló gbé, èmi ni mo sì ń fa omi kànga fún un láràárọ̀, èmi tí ẹ̀rù omi ń bà.

Ibi ìkẹ́rùsí ni ilé iṣẹ́ náà lónìí, ìdọ̀tí ojú odò sì ti lé àwọn Agbómigbélẹ̀ lọ sókè odò. Omi lènìyàn; bó bá ṣàn síwájú, a tún máa ṣàn sẹ́yìn. Mi ò tíì rí wọn kí wọ́n ṣàn padà, ṣùgbọ́n mi ò tíì dákẹ́ ọpẹ́.

Láìpẹ́ yìí, ọmọbìnrin mi tó ń tún fóònù ṣe ní Computer Village, tí mo ti kọ́ ní kíkùn náà láti kékeré, pè mí. Ariwo ọjà bo ohùn rẹ̀, ẹkún bo ìyókù, n kò gbọ́ ohun tó ń lé e. Mi ò bèèrè. Mo kun ohùn òkè kan ṣoṣo sínú fóònù. Kò bi mí pé wá ni àbí sá. Nígbà tó wọlé, ẹja yíyan ni mo kọ́kọ́ gbé síwájú rẹ̀.