Tèmi-Ni àti Ọkọ̀ Tó Ń Kúnlẹ̀

Ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ nípa olóògbé Tèmi-Ni, ọjọ́ tí ọkọ̀ kúnlẹ̀ lé e níkùn ni kí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ fún un. Gbogbo àdúgbò ló mọ ìtàn náà, àwọn tí kò sí níbẹ̀ ló sì máa ń sọ ọ́ jù.

Òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé kan ni. Oníkọ̀ǹpútà, mẹkáníìkì tó wà ní òdìkejì títì sí ọgbà tí Tèmi-Ni ti ń tún ọkọ̀ ṣe, ṣí ọgbà rẹ̀, ó wọ inú ọkọ̀ Ìyá Olùkọ́, ó sì tan ẹ́ńjìnnì. Ẹ̀yìn ọkọ̀ náà lápá òsì bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀, bó ti ń ṣe láti nǹkan bí oṣù kan. Ni ohùn kan bá ké lábẹ́ ọkọ̀.

"Pa á! Pa ẹ́ńjìnnì yẹn! Ó ti dé ikùn mi!"

Oníkọ̀ǹpútà pa á, ó bẹ́ sílẹ̀, ó sì fi àyà lélẹ̀ wo abẹ́ ọkọ̀. Bàtà méjì ló kọ́kọ́ rí. Lẹ́yìn náà ló rí ojú kan tó le koko.

"Háà! Bàbá! Kí lẹ ń ṣe lábẹ́ ọkọ̀ nínú ọgbà mi?"

"Èmi ló yẹ kí n bi ọ́," ni Tèmi-Ni wí láti ibi tó há sí. "Kí ni ọkọ̀ mi ń ṣe nínú ọgbà rẹ?"

Wọ́n gbé jáàkì wá, wọ́n gbé ọkọ̀ kúrò lára rẹ̀, ṣùgbọ́n ó kọ̀, kò jáde. Ó ní níwọ̀n ìgbà tóun ti débẹ̀, kí wọ́n jẹ́ kóun wò ó tán. Wọ́n ránṣẹ́ sí ìyàwó rẹ̀. Télọ̀ ni, ó sì sáré dé pẹ̀lú tépù ìwọ̀n lọ́rùn. Ó bẹ̀rẹ̀, ó wo ọkọ rẹ̀ níbi tó nà gbalaja sí.

"Ṣé ibi kankan ń dùn yín?"

"Ọkàn mi."

"Ó dáa," ni obìnrin náà wí, ó sì padà sídìí iṣẹ́ rẹ̀.

Ọkọ̀ náà kì í ṣe ti Tèmi-Ni o. Ti Ìyá Olùkọ́ ni, ọ̀gá ilé ìwé tó ti fẹ̀yìn tì. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ tí Tèmi-Ni bá ti fi sípánà kàn lẹ́ẹ̀kan péré, ó di tirẹ̀ títí ayé nìyẹn. Bí ọ̀kan nínú wọn bá ń kọjá lójú títì, á nàka sí i, á ní, "Tèmi ni." Ibẹ̀ ni orúkọ náà ti wá. Owú tí àwọn ọkùnrin mìíràn ń jẹ lórí ìyàwó, orí ọkọ̀ ọlọ́kọ̀ ni òun ń jẹ ẹ́ sí. Ìyàwó rẹ̀ máa ń sọ fún àwọn oníbàárà rẹ̀ pé òun ni ìyáálé, àmọ́ òun ò mọ iye orogún òun.

Bí ọkọ̀ bá pẹ́ kó tó padà wá sọ́dọ̀ rẹ̀, á ṣí iwájú rẹ̀, á fa igi tí wọ́n fi ń wọn ọ́ìlì yọ, á gbóòórùn rẹ̀, ojú rẹ̀ á sì yí padà. "Ta ló da ọ́ìlì sí i?" Awakọ̀ kan purọ́ fún un nígbà kan pé òun fúnra òun ni. Tèmi-Ni ní kó mú ọwọ́ rẹ̀ wá. Ó yẹ ọwọ́ náà wò níwá lẹ́yìn, ó ní, "Ọwọ́ yìí kò da ọ́ìlì rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí i." Awakọ̀ náà jẹ́wọ́, ó tọrọ àforíjì bí ẹni tí wọ́n ká mọ́lé àlè. Ẹni tó ń lẹ táyà níwájú ọ̀nà náà kò bọ́. Ọdún méjì gbáko ni Tèmi-Ni kò fi kí i, nítorí pé ó wo ẹ́ńjìnnì kan nígbà tí wọ́n ní kó lẹ táyà.

Ó tún ní àṣà kan. Ohunkóhun tó bá fi ọwọ́ rẹ̀ dè mọ́ ọkọ̀, á fi ẹnu ìṣó ha ọ̀rọ̀ méjì sí i lára níbi tó fara pamọ́: TÈMI NI. Nítorí àwọn tó ń bọ̀ lẹ́yìn ni, kí wọ́n lè mọ̀ pé ilé onílé làwọn wọ̀.

Ìdí ẹ̀rọ ìránṣọ ìyàwó rẹ̀ pàápàá, òun nìkan ló ń bá a tú u, tó ń fi òróró sí i. Lẹ́ẹ̀kan tí obìnrin náà pe ẹlòmíràn wá tún un ṣe, ọjọ́ mẹ́ta ni wọn ò fi gbọ́ ohùn Tèmi-Ni nínú ilé. Obìnrin náà ní òun gbádùn ọjọ́ mẹ́ta náà dáadáa.

Bí ọkọ̀ Ìyá Olùkọ́ ṣe wá dé òdìkejì títì nìyí. Ibà dá Tèmi-Ni dúbúlẹ̀ fún oṣù kan gbáko, àsìkò yẹn gan-an ni ọkọ̀ náà bẹ̀rẹ̀ sí í kúnlẹ̀. Ọkọ̀ tó ń fi afẹ́fẹ́ dúró ni, báàgì afẹ́fẹ́ kan wà ní ìdí táyà kọ̀ọ̀kan. Ìyá Olùkọ́ gbé e lọ bá Oníkọ̀ǹpútà, ẹni tó máa ń so kọ̀ǹpútà mọ́ ọkọ̀ kó tó mú sípánà. Kọ̀ǹpútà ní ẹ̀yìn òsì kò dúró dáadáa. Oníkọ̀ǹpútà pààrọ̀ báàgì afẹ́fẹ́. Ọkọ̀ kúnlẹ̀. Ó pààrọ̀ ẹ̀rọ tó ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sínú báàgì. Ọkọ̀ tún kúnlẹ̀. Kò sẹ́ni tó láyà láti sọ fún aláìsàn. Ọjọ́ tó dìde, tó yọjú lójú fèrèsé, ìdí ọkọ̀ náà ló kọ́kọ́ rí nínú ọgbà ọkùnrin mìíràn. Ibà tó kù lára rẹ̀ kò dúró dágbére. Kí ilẹ̀ ọjọ́ Ajé tó mọ́, ó ti fo ọgbà wọ abẹ́ ọkọ̀.

Ìyá Olùkọ́ dé lọ́jọ́ Ajé yẹn nígbà tí Tèmi-Ni ṣì wà nílẹ̀.

"Ẹ̀yin méjèèjì, ẹ gbọ́," ó ní. "Ọkọ̀ yìí ti sú mi. Ẹnìkan ti wá wò ó lẹ́ẹ̀mejì, ó fẹ́ rà á gbé lọ sí ìlú rẹ̀. Tí kò bá dúró déédéé di Sátidé, mo ti tà á nìyẹn."

Tèmi-Ni yọ orí jáde lábẹ́ ọkọ̀. "Ìlú mìíràn kẹ̀, Màmá?" Ọdún mọ́kàndínlógún ló fi tọ́jú ọkọ̀ yẹn. Tó bá lọ, kò ní lè nàka sí i mọ́ bó bá ń kọjá, nítorí kò ní kọjá mọ́. Ọ̀rọ̀ náà dùn ún ju ikùn lọ. "Ẹ gbé e fún mi, ẹ jọ̀ọ́. Kó tó di Sátidé, á dúró."

Ikùn tí ọkọ̀ kúnlẹ̀ lé náà ló fún un lọ́gbọ́n. Bó ti há síbẹ̀, ó gbọ́ ohun tí kọ̀ǹpútà kò gbọ́. Nǹkan kan kọ́kọ́ dún, tọ́! Afẹ́fẹ́ jáde, fììì. Ó tún dún, tọ́! Afẹ́fẹ́ dákẹ́. Nígbà tó gbé ọkọ̀ dé ọgbà rẹ̀, ó fi omi ọṣẹ pa gbogbo ojú ibi tí afẹ́fẹ́ ń gbà kọjá, kò rí ìfófòó kan ṣoṣo.

"Afẹ́fẹ́ tó ń jò kì í ṣílẹ̀kùn, kì í sì í tilẹ̀kùn," ó sọ fún ìyàwó rẹ̀. "Eléyìí ò jò. Wọ́n ń pàṣẹ fún un pé kó jáde ni. Ta ló ń pàṣẹ?"

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun ló mú aláṣẹ náà. Ohun kékeré kan tí wọ́n ń pè ní sẹ́ńsọ̀ ni, kò ju àpótí ìṣáná lọ, ó sì ní apá tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí wọ́n so mọ́ irin táyà. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa sọ fún ọkọ̀ bó ṣe ga tó sílẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ bá a di mítà iná mú. Nígbà tó gbé apá sẹ́ńsọ̀ ti ọ̀tún sókè, òǹkà mítà gòkè. Nígbà tó sọ ọ́ kalẹ̀, òǹkà wálẹ̀. Ti òsì kò mira. Ó gbé e sókè o, ó sọ ọ́ kalẹ̀ o, ọ̀rọ̀ kan náà ló ń wí: mo ga jù, mo ga jù. Ọkọ̀ sì ń gbà á gbọ́, ó ń tú afẹ́fẹ́ rẹ̀ dànù kó lè wálẹ̀. Nítorí irọ́ tí kò ju àpótí ìṣáná lọ, wọ́n ti yọ báàgì àti ẹ̀rọ tí kò ṣẹ̀.

Lọ́jọ́rú ni sẹ́ńsọ̀ tuntun dé. Ó yọ wáyà, ó tú bóòtù méjì, ó ja apá tẹ́ẹ́rẹ́ náà kúrò, ó fi tuntun síbẹ̀. Ó pe gbogbo èèyàn pé kí wọ́n wá wò ó, títí kan ẹni tó ń lẹ táyà. Ó tan ẹ́ńjìnnì. Ọkọ̀ tó ti ń kúnlẹ̀ láti oṣù kan wá gbé ẹ̀yìn òsì sókè bí ajá tó rí òpó. Ẹni tó ń lẹ táyà rẹ́rìn-ín débi pé ó jókòó sílẹ̀.

Sẹ́ńsọ̀ tuntun kò tíì mọ ibi tó ń jẹ́ déédéé. Kọ̀ǹpútà ló lè kọ́ ọ, Tèmi-Ni sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀ gbogbo Ọjọ́bọ̀ ló fi ń yí apá sẹ́ńsọ̀ síwá sẹ́yìn, ọkọ̀ ń gbé ẹsẹ̀, ọkọ̀ ń kúnlẹ̀. Lọ́jọ́ Ẹtì, kò lè jẹun òwúrọ̀. Ìyàwó rẹ̀ fa àga jókòó tì í.

"Bàbá, ohun tó ṣe ọkọ̀ yẹn ló ń ṣe ẹ̀yin náà."

"Kí ló ṣe mí?"

"Nǹkan kékeré kan wà nínú yín tó ń sọ fún yín ní gbogbo ìgbà pé wọ́n fẹ́ gba nǹkan yín. Ẹ sì ń gbà á gbọ́."

Tèmi-Ni ti àwo oúnjẹ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Ta ló sọ fún ẹ pé ó kéré?" ó bi í. Ó wá dìde, ó wọ bàtà.

Títì náà kò ju ìgbésẹ̀ méjìlá lọ. Ọ̀sán ni ó tó gbé e tán.

"Mo fẹ́ yá kọ̀ǹpútà rẹ," ó sọ fún Oníkọ̀ǹpútà láìkí i. "Gbé e fún mi, kí o dúró síbí."

"Bàbá, kọ̀ǹpútà mi kì í lọ síbi tí mi ò bá sí."

Ojú Tèmi-Ni là. "Ò ń jowú!"

"Mo ń jowú, sà."

"Kí ló dé tí o kò ti sọ bẹ́ẹ̀ látọjọ́ yìí?" Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tó rẹ́rìn-ín sí ọkùnrin náà.

Ṣùgbọ́n ọkọ̀ kò ní wọ ọgbà Oníkọ̀ǹpútà, kọ̀ǹpútà kò sì ní wọ ọgbà Tèmi-Ni. Ohun tí wọ́n fẹnu kò sí ni pé kí wọ́n gbé ọkọ̀ sáàárín títì. Ní òwúrọ̀ Àbámẹ́ta, wọ́n dí ọ̀nà pa. Àwọn awakọ̀ ń fọn fèrè, wọ́n ń búni tìyá tìbàbá. Ìyàwó Tèmi-Ni na tépù ìwọ̀n rẹ̀ dábùú ọ̀nà, kò sì sẹ́ni tó láyà láti já a.

"Kí ni ìwọ̀n rẹ̀, sà?" Oníkọ̀ǹpútà bi Tèmi-Ni. "Láti àárín táyà dé etí ara ọkọ̀."

Tèmi-Ni to ìkúùkù lé ìkúùkù. "Ìkúùkù mẹ́ta àti àtàǹpàkò kan. Bó ṣe rí nìyẹn láti ọdún mọ́kàndínlógún."

"Kọ̀ǹpútà mi ò mọ ìkúùkù."

Ìyàwó Tèmi-Ni bá ká tépù kúrò lójú ọ̀nà, ó fi wọn ìkúùkù ọkọ rẹ̀ àti àtàǹpàkò rẹ̀, ó ní gbogbo rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà méjìdínlógójì. Oníkọ̀ǹpútà tẹ̀ ẹ́ sínú ẹ̀rọ. Ọkọ̀ náà mí sókè, ó mí sílẹ̀, ó sì dúró. Ìyá Olùkọ́ ti dé, ẹni tó fẹ́ ra ọkọ̀ wà lẹ́yìn rẹ̀. Ìyá náà mú ṣọ́ọ̀kì ìkọ̀wé kan jáde nínú báàgì rẹ̀, ó fi í lé ẹ̀yìn ọkọ̀. Ṣọ́ọ̀kì náà kò yí.

"Ẹ máa lọ sílé, ọ̀gbẹ́ni," ó sọ fún oníbàárà náà. "Mi ò tà á mọ́."

Tèmi-Ni kò dúró gba oríyìn. Ó ti mú ìṣó, ó ti wọ abẹ́ ọkọ̀ láti lọ ha ọ̀rọ̀ rẹ̀ sára irin pẹlẹbẹ tí wọ́n fi de sẹ́ńsọ̀. Ó pẹ́ níbẹ̀ ju bó ṣe máa ń pẹ́ lọ. Nígbà tó jáde, wọ́n bi í léèrè ohun tó ń ṣe tó pẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó ní kò kàn wọ́n.

Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà, ó sùn, kò jí. Lọ́jọ́ ìsìnkú rẹ̀, ọkọ̀ tò láti ẹnu ọ̀nà rẹ̀ dé ìsàlẹ̀ títì. Opó rẹ̀ dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn, ó wo gbogbo wọn. "Gbogbo orogún mi ló wá," ó ní. A rẹ́rìn-ín, lẹ́yìn náà a ò lè rẹ́rìn-ín mọ́.

Kò pé ọdún kan tí ọkọ̀ Ìyá Olùkọ́ tún kúnlẹ̀. Oníkọ̀ǹpútà kò mú kọ̀ǹpútà. Ó sùn sílẹ̀, ó tẹ́tí. Tọ́! Fììì. Tọ́! Ó fà wọ abẹ́ ọkọ̀ lọ síbi sẹ́ńsọ̀, ó fi àkísà nu irin pẹlẹbẹ náà, ó sì kígbe pe opó Tèmi-Ni pé kó máa bọ̀ kíákíá. Obìnrin náà dé, ó bẹ̀rẹ̀ wo ibi tí Oníkọ̀ǹpútà tan iná sí. Lẹ́tà náà wọ́, ṣùgbọ́n ó ṣeé kà:

TÈMI NI. ONÍKỌ̀ǸPÚTÀ SÌ ṢE DÍẸ̀.

"Díẹ̀ kẹ̀!" ni Oníkọ̀ǹpútà ké. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀, omi náà kò sì tètè dá. Ìyá Olùkọ́ bi í bóyá yóò pààrọ̀ irin yẹn náà. "Rárá, Màmá," ó ní. "Irin yẹn kì í ṣe tèmi."

Opó Tèmi-Ni nàró. Ó sọdá títì padà sílé, ó ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n lòun fi bá ọkùnrin yẹn gbé. Ó kọ ọ̀rọ̀ sára gbogbo irin àdúgbò, ó kọ orúkọ Oníkọ̀ǹpútà pàápàá, kí ló wá kọ nítorí tòun? Ó jókòó sídìí ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀, ẹ̀rọ tí kò sẹ́ni tó tún fi òróró sí láti ọjọ́ tí ọkùnrin náà ti lọ. Ó wò ó fún ìgbà díẹ̀. Ó wá fi ọwọ́ méjèèjì dojú ẹ̀rọ náà dé, ohun tí kò ṣe rí, nítorí òun kọ́ ló ń tú u.

Ó wà níbẹ̀, lábẹ́ òróró tó ti gbẹ. Ẹnu ìṣó náà ni, ó jinlẹ̀ ju ti ọkọ̀ lọ. Ọ̀rọ̀ méjì péré ni, kò sì sí orúkọ ẹlòmíràn lẹ́yìn rẹ̀.