Bàbá Ìyàwó Mi àti Ìjà Orí Pápá

Bàbá ìyàwó mi máa ń nu ẹnu kí wọ́n tó sọ ìtàn. Olùkọ́ ìtàn tó ti fẹ̀yìn tì ni wọ́n, inú basement, yàrá abẹ́ ilé wa ní àdúgbò Saddle Ridge lókè òkun, ni wọ́n ń gbé. Ọdún kan ni wọ́n sábà máa ń sọ, láyé tí Gẹ̀ẹ́sì ń ṣàkóso Èkó. Gómìnà ń wo eré ìje ẹṣin, ọlọ́pàá ń fi kòbókò lu àwọn ará ìlú tó sún mọ́ okùn tí wọ́n fi yí pápá ká.

“Ẹ̀jẹ̀ ń ṣàn,” wọ́n á ní, “àwọn èèyàn ńlá ń pàtẹ́wọ́.”

Ní Sátidé kan, èmi àti wọn lọ wo eré kíríkẹ́ẹ̀tì nítòsí ilé. Ìjà ṣẹlẹ̀. Eléré kan fi igi tí wọ́n fi ń gbá kíríkẹ́ẹ̀tì la èkejì rẹ̀ lórí, ó tún ń lù ú nílẹ̀. Àwa òǹwòran ń fi fóònù ya fídíò.

“Daddy, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má lọ síbẹ̀,” ni mo wí.

Bàbá ti wọ pápá. Wọ́n lọ dùbúlẹ̀ bo ẹni tó ṣubú náà. Igi bà wọ́n léjìká, egungun dún. Ìgbà tí ẹni tó ń lù wọ́n rí i pé arúgbó ni, ó ju igi sílẹ̀, ó bú sẹ́kún.

Nínú ambulance, mo bi wọ́n pé kí ló dé tí wọ́n fi ṣe bẹ́ẹ̀.

“Ọmọ ẹnì kan ni,” ni wọ́n wí.

Apá wọn ò gbé sókè mọ́ títí wọ́n fi kú. Ẹni tí wọ́n gbà là bá wa gbé pósí wọn.