Irv Zelnick Yọ Òǹkọ̀wé A

Kò sí òǹkọ̀wé fíìmù ní Burbank, ìlú tí wọ́n ti ń ṣe fíìmù ní Amẹ́ríkà, tí kò mọ̀ pé olóògbé Irv Zelnick dá ara rẹ̀ lẹ́bi. Bí ìjà bá bẹ́ sílẹ̀ lórí orúkọ ẹni tó yẹ kó jáde nínú fíìmù, ẹgbẹ́ òǹkọ̀wé a máa fún àgbà mẹ́ta ní iṣẹ́ náà kà. Wọ́n á ti pa orúkọ àwọn tó kọ ọ́ rẹ́, wọ́n á fi lẹ́tà rọ́pò wọn: Òǹkọ̀wé A, Òǹkọ̀wé B. Irv wà lára àwọn mẹ́ta náà nígbà kan. Ó kà á tán, ó dájọ́: "Òǹkọ̀wé A kò ṣe nǹkan kan. Ẹ yọ ọ́."

Irv gan-an ni Òǹkọ̀wé A. Ọdún kejìlélógún nìyẹn tó ti ta ìtàn náà. Àwọn tó rà á ti yí àkọlé padà, wọ́n sì ti sọ onígbàjámọ̀ inú rẹ̀ di ọlọ́pàá. Kò sẹ́ni tó rántí Irv mọ́, òun alára kò sì dá iṣẹ́ náà mọ̀. Ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi ṣe ara rẹ̀.

Ilé sinimá ló ti mọ̀. Dolores Pruitt, tí wọ́n jọ kọ eré tẹlifíṣọ̀n fún ọdún mọ́kànlá, jókòó tì í. Ọlọ́pàá inú fíìmù náà la ẹnu, ó ní, "Má sunkún sínú ọbẹ̀, iyọ̀ ti tó."

"Dolores, ìyá mi nìyẹn!"

"Níbo?"

"Lẹ́nu ọlọ́pàá! Òun ló máa ń sọ bẹ́ẹ̀, èmi ni mo sì kọ ọ́ sínú ìtàn!"

Ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n ló ti ń wá kí orúkọ rẹ̀ jáde nínú fíìmù kan ṣoṣo. Àwọn tó ń ra ìtàn ti ní kó fi ajá kún ìtàn ìsìnkú kan rí. Ó fi kún un. Wọ́n ní ajá náà dùn, kó wá yọ ìsìnkú kúrò.

"Lọ bá ẹgbẹ́ lọ́la," ni Dolores wí.

"Kí n ní kí ni? Pé nígbà tí mi ò mọ̀ pé tèmi ni, kò dára, ó wá dára báyìí?"

"Orí kunkun yìí á pa ẹ́."

"Tó bá pa mí, má jẹ́ kí Òǹkọ̀wé B sọ̀rọ̀ níbi ìsìnkú mi."

Ọkàn rẹ̀ ló pa á, lẹ́yìn ọdún mẹ́sàn-án. Dolores rí ìtàn náà bí Irv ṣe kọ́kọ́ kọ ọ́ nínú páálí rẹ̀ kan, ó sì fẹ́ mọ bó ti burú tó. Ìdúró ló fi bẹ̀rẹ̀ sí í kà á. Nígbà tó dé ibi tí onígbàjámọ̀ ti ń fá irùngbọ̀n bàbá rẹ̀ tó ti kú, ó wá àga jókòó.

Ó pe ẹgbẹ́ pé kí wọ́n dá orúkọ Irv padà. Wọ́n ní àsìkò ẹjọ́ ti kọjá.

"Ó dára, Irv," ló wí nínú ilé ìdáná. "Ó dára gan-an, òmùgọ̀." Inú ń bí i sí i, àárò rẹ̀ sì ń sọ ọ́ burúkú. Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó ṣí ìwé padà sí ojú ewé àkọ́kọ́, ó gbóhùn sókè, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kà á láti orí orúkọ ẹni tó kọ ọ́.