Àmì Tó Wà Lẹ́sẹ̀ Lẹ́tà Ìkẹyìn

Mi ò kì í gba ẹnikẹ́ni gbọ́ nídìí iṣẹ́ mi. Ẹ má bínú, bí wọ́n ṣe kọ́ mi nìyẹn. Òǹtẹ̀ rọ́bà ni mo ń gbẹ́ ní Dichemso, ní Kumasi nílẹ̀ Ghana, ní àárín àwọn ọdún 1990, nínú ìsọ̀ kan tí èèyàn mẹ́ta ò lè jókòó sí kí ara má kan ara. Ẹni tó bá ń wá òǹtẹ̀ kì í sábà sọ òótọ́ tán. Akẹ́kọ̀ọ́ á wá láti Ayigya, á ní ọ̀gá òun ló rán òun, ojú rẹ̀ á sì máa wo títì. Olùkọ́ á ní ti ilé-ìwé àwọn ló sọnù. Mo máa ń wo bàtà wọn, mo máa ń wo ọwọ́ wọn, mo sì máa ń béèrè ìwé àṣẹ kí n tó mú abẹ.

Àbúrò bàbá mi ló kọ́ mi níṣẹ́, ọmọ Ìlọrin tó ti ń gbé Asawase kí wọ́n tó bí mi. Òun ló kọ́ mi ní ìfura, òun náà ló kọ́ mi ní àmì. Bí a bá gbẹ́ òǹtẹ̀ tán, a ó fi ṣóńṣó abẹ gé ibi tín-ń-tín kan kúrò lẹ́sẹ̀ lẹ́tà tó kẹ́yìn. Bí wọ́n bá lù ú sórí ìwé, ẹlòmíì á rò pé tàdáwà ni kò dé ibẹ̀.

"Bí ọlọ́pàá bá mú òǹtẹ̀ wá bá ẹ," ó sọ fún mi, "ẹsẹ̀ lẹ́tà ni kó o wò. Bí àmì bá wà níbẹ̀, panu mọ́. Bí kò bá sí, búra ní mọ́sáláṣí, wallahi, nǹkan kan ò ní ṣe ẹ́."

Ọkùnrin kan wọlé lọ́sàn-án ọjọ́ kan, nígbà tí ọyẹ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀. Ó fi Twi kí mi, ó rí fìlà orí mi, ó bá yí i sí Yorùbá, ó ń pè mí ní Alhaji. Mi ò dé Mẹ́kà rí. Ẹni tó bá fún mi lóyè tí mi ò jẹ, ó ní ohun tó ń wá. Ó yọ ìwé kan tó ti ká kéékèèké, débi pé ojú òǹtẹ̀ nìkan ló hàn. Òǹtẹ̀ ìjọba ni, ti orílẹ̀-èdè kan tí kò jìnnà sí wa, tí ogun ò sí níbẹ̀. Mi ò ní dárúkọ rẹ̀. Mo ka lẹ́tà wínníwínní tó yí i ká, mo rí i pé ọ́fíìsì tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ ogun ni.

"Alhaji, òǹtẹ̀ wa ló fọ́," ó ní. "Mepa wo kyɛw, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa ṣe é kó tó di Jímọ̀ọ̀."

"Ìwé àṣẹ ńkọ́?"

"Ó ń bọ̀ lẹ́yìn. Ọ̀gá wà ní Accra."

"Ẹ tú ìwé yẹn kí n rí i."

Ó rẹ́rìn-ín. "Ibi tẹ́ ẹ rí yẹn ti tó, Alhaji."

Mo dá iye kan lé e, kò nájà. Ta ni kì í nájà ní Kumasi? Ara fu mí gan-an, síbẹ̀ mo gbà á. Ìgbéraga ló tàn mí, nítorí mo mọ̀ pé kò sẹ́lòmíì nílùú náà tó lè gbẹ́ àmì ìjọba yẹn kó jọ. Mo ń sọ fún ara mi pé bóyá ọkọ̀ tàbí aṣọ ni wọ́n fẹ́ fi òǹtẹ̀ náà kó kọjá ní bọ́dà. Nígbà tí mo parí rẹ̀, mo gé àmì mi sí i, mo gbé e sókè, mo wò ó, inú mi sì dùn. Ó wá gbà á ní Jímọ̀ọ̀, mi ò sì rí i mọ́.

Àbúrò mi obìnrin kan ṣoṣo wà ní Laibéríà nígbà náà pẹ̀lú ọkọ àti ọmọ rẹ̀. Ogun ń jà níbẹ̀, àwọn awakọ̀ tó máa ń bá wa mú lẹ́tà rẹ̀ wá ò sì wá mọ́. Ìsọ̀ onígbàjámọ̀ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi ni mo ti máa ń gbọ́ ìròyìn. Lọ́jọ́ kan, rédíò sọ pé gbogbo ayé ti fòfin de títa ìbọn fún àwọn tó ń jagun ọ̀hún, ṣùgbọ́n ìbọn ṣì ń wọlé. Ìwé tó ń bá ẹrù náà rìn ń sọ pé àwọn ọmọ ogun ìlú mìíràn ló ni ín, òǹtẹ̀ ìjọba sì wà lórí rẹ̀. Mo rántí òǹtẹ̀ ọkùnrin náà. Mo ti ìsọ̀ mi, mo lọ sílé, mi ò sọ fún ìyàwó mi pàápàá.

Ìgbà òjò ni àbúrò mi dé, òun nìkan, pẹ̀lú aṣọ ọrùn rẹ̀ àti ike omi kan. Ọkọ rẹ̀ ti sọnù lójú ọ̀nà. Ọmọ rẹ̀, ìbọn ló pa á nínú oṣù ààwẹ̀, nígbà tí wọ́n ń sá lọ sí mọ́sáláṣí. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ló sọ ọ́.

"Ọmọdé ló yin ìbọn yẹn, Ẹ̀gbọ́n," ó ní. "Ìbọn ọ̀hún tuntun, gíríìsì ṣì wà lára ẹ̀. Ta ló ń kó o wá fún wọn?"

Mo ní Ọlọ́run ló mọ̀.

Kó má baà máa dá jókòó sílé, mo ní kó máa bá mi lọ sí ìsọ̀. Ọwọ́ rẹ̀ já fáfá ju tèmi lọ. Mo kọ́ ọ bí a ṣe ń gbẹ́ lẹ́tà sódì, mo kọ́ ọ ní àmì, kò sì pẹ́ tó fi ń gé e dáa ju bí mo ṣe ń gé e lọ.

Lọ́sàn-án ọjọ́ Àtàláátà kan, òyìnbó méjì dé pẹ̀lú ọmọ Ghana kan tó ń túmọ̀ fún wọn. Wọ́n ní àwọn ń tọpa ìbọn tó ń wọ ìlú ogun, gbogbo agbẹ́-òǹtẹ̀ tó wà ní Accra àti Kumasi làwọn sì ń bẹ̀ wò. Wọ́n tẹ́ fọ́tòkọ́pì ìwé kan síwájú mi, láìká a. Orúkọ ìbọn ló kún un láti òkè délẹ̀, òǹtẹ̀ wà nísàlẹ̀.

"Wo na woyɛɛ?" Ògbufọ̀ ń bi mí bóyá èmi ni mo ṣe é.

"Daabi," mo ní. "Wallahi, kì í ṣe iṣẹ́ ọwọ́ mi."

Àbúrò mi jókòó tì mí, abẹ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó na ọrùn wo ìwé náà. Mo rí i bí ojú rẹ̀ ṣe lọ tààrà sí ẹsẹ̀ lẹ́tà ìkẹyìn, ibi tí èmi fúnra mi kọ́ ọ pé kó máa wò. Ojú náà ò kúrò níbẹ̀. Ẹ̀rù bà mí pé á sọ̀rọ̀. Àwọn òyìnbó dúpẹ́ lọ́wọ́ wa, wọ́n sì lọ.

Ó gbé abẹ kalẹ̀.

"Ìgbà wo lẹ gbẹ́ ẹ, Ẹ̀gbọ́n?"

Mi ò lè parọ́ fún un. "Ìbẹ̀rẹ̀ ọyẹ́ tó kọjá. Oṣù Rájábù ni."

Ó la àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀, ó ń ka oṣù lórí ìka. Ó ka Rájábù, ó ka Ṣáábánì, ó dé oṣù ààwẹ̀, ó sì dúró. Ó di ìka yòókù mọ́wọ́, ó dìde, ó lọ kó ẹrù rẹ̀ nílé mi, ó gba ilé àǹtí wa lọ ní Asawase. Ọdọọdún ló ń wá kí mi ní Iléyá. Orí ìdúró ló ti ń kí mi, kì í sì í tọ́ ẹran wa wò.